Ta Ló Sọ Pé Kámẹ́rà Wúwo Jù fún Obìnrin?

Ẹ̀yin òǹkàwé, Navy Town ni mò ń gbé, ní Ọ̀jọ́ níbí, ọjà Alábà kò sì jìnnà sí wa. Nígbà tí kásẹ́ẹ̀tì àti síìdì ṣì ń tà, kò sí ṣọ́ọ̀bù fíìmù tí ẹ ó yà níbẹ̀ tí ojú obìnrin kò ní kún ara páálí: èyí ń sunkún, èyí wé gèlè, èyí na ìka sí orogún. Ẹ wá yí páálí náà padà, kí ẹ ka orúkọ ẹni tó di kámẹ́rà mú àti ẹni tó tan iná. Ọkùnrin, ọkùnrin, ọkùnrin! Obìnrin wà nídìí àtíkè àti ìkòkò ìrẹsì.

Wọ́n ní kámẹ́rà wúwo, pé àwọn ọmọ iṣẹ́ kò ní gbọ́rọ̀ sí obìnrin lẹ́nu. Irọ́ gbuu! Ìyá tó pọn ọmọ, tó tún ru agbọ̀n ẹja ní Okokomaiko, ṣé kámẹ́rà ló máa wọ̀ ọ́ lọ́rùn? Àwọn ọmọ ogun ojú omi tó wà ládùúgbò wa ńkọ́? Ní 2012, Ìtùnú Hotonu di Rear Admiral láàárín wọn. Ta ló tó kọ̀ láti bẹ́rí fún un?

Wọ́n mọ̀ ọ́n ṣe pẹ̀lú. Amaka Igwe darí Violated ní 1996. Kẹ́mi Adétìbà kọ King of Boys, ó sì darí rẹ̀, ní 2018. A Tribe Called Judah ti 2023, tí Fúnkẹ́ Akíndélé àti Adéọtí Tolúlọpẹ́ jọ darí, ni fíìmù Nàìjíríà àkọ́kọ́ tó pa bílíọ̀nù 1 náírà nílé sinimá wa.

Ṣùgbọ́n ìdarí nìyẹn o. Ìdí kámẹ́rà gan-an lọ̀rọ̀ wà. Ní Hollywood pàápàá, ọdún 2018 ni wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ fi orúkọ obìnrin kan, Rachel Morrison, síwájú fún Oscar àwọn tó ń ya fíìmù. Lọ́dọ̀ wa, ẹnu ìkọ́ṣẹ́ ni wọ́n ti ń ti ilẹ̀kùn. Ọmọkùnrin á tẹ̀ lé ọ̀gá, á gbé wáyà, títí ọ̀gá á fi ní kó wá wo inú lẹ́ńsì. Tó bá jẹ́ ọmọbìnrin, wọ́n á ní kó lọ wo aṣọ. Tó bá taku, wọ́n á bi í pé kí lọkọ ẹ̀ wí. N ò tíì rí ẹni tó bi ọmọkùnrin pé kí níyàwó ẹ̀ wí!

Ẹ̀yin ìyá wa tí ẹ ń fi owó ara yín ṣe fíìmù, ẹ̀yin ni mò ń bá wí jù. Èyí tí ẹ máa yà tẹ̀ lé e, ẹ fi ọmọbìnrin méjì sídìí kámẹ́rà, kí ọ̀gá kọ́ wọn, kí ẹ sì kọ ọ́ sínú ìwé àdéhùn kí owó tó kúrò lọ́wọ́ yín.