Ẹni Tí Ó Ṣe Oore Tí Ó Lóṣòó Tì Í

Nínú ọ̀pọ̀lọpọ̀ ilé ní ilẹ̀ Yorùbá, Bournvita ni àwọn ọmọ ń mu kí wọ́n tó lọ sí ilé-ẹ̀kọ́, ṣùgbọ́n ìwọ̀nba ènìyàn ni ó mọ̀ pé orúkọ ìlú kan ni a fi sọ ọ́. Bournville ni ìlú náà ń jẹ́, ní ẹ̀bá Birmingham ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, níbi tí àwọn ará ilé Cadbury ti ń fi kòkó ṣe ṣokoléètì. Kì í ṣe ọba ni ó tẹ ìlú náà dó, kì í sì í ṣe ogun ni ó lé àwọn ènìyàn jọ síbẹ̀. Ilé-iṣẹ́ ni ó bí i. Irú ìlú bẹ́ẹ̀ pọ̀ ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì àti ní Amẹ́ríkà ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún: ọlọ́rọ̀ kan yóò kọ́ ilé-iṣẹ́ ẹ̀rọ sí inú pápá, yóò kọ́ ilé fún àwọn òṣìṣẹ́ rẹ̀ yí i ká, yóò sì fi ilé-ẹ̀kọ́, ilé ìjọsìn àti ọgbà ìgbafẹ́ kún un.

Àwọn kan ń yin irú àwọn ọlọ́rọ̀ wọ̀nyí bí ẹni pé kò sí àléébù kankan lára wọn. Àwọn mìíràn sì ń wí pé ẹ̀tàn lásán ni gbogbo rẹ̀, pé ẹni tí ó ń sin adìyẹ ni ó ń kọ́ ilé fún adìyẹ. Àwa kò lè bá ìhà kan lọ nínú méjèèjì. Èrò wa ni pé oore ni wọ́n ṣe ní tòótọ́, ṣùgbọ́n òwe àwọn baba wa ni ó yẹ kí a fi wọn oore náà: ẹni tí ó ṣe oore tí ó lóṣòó tì í, bí aláìṣe ni ó rí.

Kí a má baà jẹ́ aláìmoore, ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ sọ ti ohun rere. Titus Salt jẹ́ ahunṣọ ní ìlú Bradford, ó sì di ọlọ́rọ̀ nípa híhun aṣọ láti inú irun ẹran kan tí ń jẹ́ alpaca, èyí tí a ń kó wá láti Gúúsù Amẹ́ríkà. Bradford ìgbà náà kún fún èéfín àti ẹ̀gbin. Àrùn kọ́lẹ́rà jà níbẹ̀ ní ọdún 1849, ó sì pa ènìyàn púpọ̀. Salt kó iṣẹ́ rẹ̀ jáde kúrò nínú ìlú náà lọ sí etí odò Aire. Ó ṣí ilé-iṣẹ́ tuntun rẹ̀ ní ọdún 1853, ní ọjọ́ tí òun fúnra rẹ̀ pé ẹni àádọ́ta ọdún, ó sì so orúkọ ara rẹ̀ àti orúkọ odò náà pọ̀, ó pe ìlú náà ní Saltaire. Ó kọ́ ilé tí ó tó nǹkan bí 800. Ó kọ́ ilé ìwòsàn, ó kọ́ ilé-ẹ̀kọ́, ó sì kọ́ ilé fún àwọn arúgbó tí kò lè ṣiṣẹ́ mọ́. Ẹni tí ó bá fi ojú tẹ́ńbẹ́lú èyí, ó yẹ kí ó kọ́kọ́ ronú nípa ìyá tí ó ti sin ọmọ ní Bradford, tí ó wá rí omi mímọ́ àti afẹ́fẹ́ rere ní Saltaire.

Ṣùgbọ́n Salt kò fi àyè sílẹ̀ fún ilé ọtí ní ìlú rẹ̀. A mọ̀ pé púpọ̀ nínú yín yóò wí pé ó ṣe rere, àwa pẹ̀lú kò sì gbè sẹ́yìn ọtí. Ohun tí a ń béèrè kì í ṣe bóyá òfin náà dára tàbí kò dára, bí kò ṣe pé ta ni ó ṣe é. Ẹni kan ni. Ẹni kan ni ó ni iṣẹ́, òun ni ó ni ilé, òun ni ó ni ojú ọ̀nà, òun náà ni ó sì ń ṣe òfin. Níwọ̀n ìgbà tí ẹni náà bá jẹ́ ènìyàn rere, ayé rọ̀ wọ́n lọ́rùn. Ṣùgbọ́n bí ọkàn rẹ̀ bá yípadà ńkọ́, tàbí bí ọjà bá kùtà?

Ìtàn George Pullman ní Amẹ́ríkà ni ó dá wa lóhùn. Ọkùnrin yìí ni ó ń ṣe ọkọ̀ rélùwéè tí èrò lè sùn nínú rẹ̀, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ìlú kan ní ìhà gúúsù Chicago ní ọdún 1880, ó fi orúkọ ara rẹ̀ pè é. Ìlú náà lẹ́wà. Ó ní ilé ìkàwé, ó ní ilé eré, ó ní ọjà tí a fi òrùlé bò. Ṣùgbọ́n Pullman kò jọ̀wọ́ ohunkóhun. Òṣìṣẹ́ kò lè ra ilé tí ó ń gbé. Ayálégbé ni yóò jẹ́ títí láé. Ilé ìjọsìn pàápàá, owó ni ó fẹ́ gbà lórí rẹ̀, owó náà sì wọ́n tó bẹ́ẹ̀ tí ilé ẹwà náà fi ṣófo fún ìgbà pípẹ́, nítorí pé kò sí ìjọ tí ó lè san án.

Nígbà tí ọrọ̀ ajé Amẹ́ríkà dẹnu kọlẹ̀ ní ọdún 1893, Pullman dín owó iṣẹ́ kù, ṣùgbọ́n kò dín owó ilé kù. Àwọn òṣìṣẹ́ bẹ̀ ẹ́, kò gbọ́. Ní oṣù karùn-ún ọdún 1894 wọ́n da iṣẹ́ sílẹ̀. Àwọn òṣìṣẹ́ rélùwéè káàkiri ilẹ̀ náà sì dara pọ̀ mọ́ wọn. Ààrẹ Cleveland rán àwọn ọmọ ogun jáde, ẹ̀jẹ̀ sì ta sílẹ̀. Ìgbìmọ̀ tí ìjọba yàn láti wádìí ọ̀ràn náà rí i pé owó ilé ní Pullman fi ìdá 20 sí 25 nínú ọgọ́rùn-ún ju ti irú ilé bẹ́ẹ̀ ní àdúgbò tí ó yí i ká lọ. Nígbà tí Pullman kú ní ọdún 1897, ẹ̀rù ba àwọn ará ilé rẹ̀ pé àwọn ènìyàn lè wú òkú rẹ̀. Nítorí náà wọ́n fi kọnkéré àti irin ojú ọ̀nà rélùwéè bo pósí rẹ̀ mọ́lẹ̀. Ní ọdún tí ó tẹ̀lé e, ilé ẹjọ́ gíga jùlọ ní ìpínlẹ̀ Illinois pàṣẹ pé kí ilé-iṣẹ́ náà ta àwọn ilé tí kò jẹ mọ́ iṣẹ́ rẹ̀. Ẹni tí ó kọ́ ilé ẹwà fún ẹgbẹẹgbẹ̀rún ènìyàn ni a sin bí ẹni tí a ń fi pamọ́ fún ọ̀tá.

William Lever gbọ́n ju Pullman lọ, ọwọ́ rẹ̀ sì là jù ú lọ. Òun ni olówó ọṣẹ Sunlight. Ní ọdún 1888 ó bẹ̀rẹ̀ Port Sunlight ní òdìkejì odò Mersey sí Liverpool, ó sì kọ́ ilé tí ojú kò sú láti wò. Ní ọdún 1922 a ṣí ilé àwòrán ńlá kan níbẹ̀, èyí tí ó kọ́ ní ìrántí aya rẹ̀. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ èrò rẹ̀. Ó gbà pé bí òun bá pín èrè fún àwọn òṣìṣẹ́ ní owó, wọn yóò fi ra ọtí àti oúnjẹ aládùn ni. Nítorí náà ó sàn kí òun di owó náà mú, kí òun fi kọ́ ilé dáradára fún wọn. Ọ̀rọ̀ baba sí ọmọ ni èyí, àgbà ni ó sì ń bá wí. Nítorí pé àwọn òṣìṣẹ́ ilé-iṣẹ́ ni a kọ́ ilé wọ̀nyí fún, ẹni tí iṣẹ́ bá bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀ mọ̀ pé ilé náà fẹ́ bọ́.

Ibi tí ọ̀rọ̀ Lever gbé kan àwa ọmọ adúláwọ̀ ni èyí. Epo ọ̀pẹ àti epo èkùrọ́ láti ìhà ọ̀dọ̀ wa wà nínú àwọn epo tí ilé-iṣẹ́ rẹ̀ ń lò, ó sì fẹ́ gba ilẹ̀ ńlá fún oko ọ̀pẹ ní àwọn ilẹ̀ tí Gẹ̀ẹ́sì ń ṣàkóso ní Ìwọ̀-Oòrùn Áfríkà. Ìjọba kò gbà fún un. Hugh Clifford, tí ó ṣe Gómìnà Nàìjíríà láti ọdún 1919 sí 1925, wà lára àwọn tí ó takò ó. Nítorí náà ọ̀pẹ wa wà lọ́wọ́ àwọn àgbẹ̀ wa. Ní Kóńgò, ọ̀rọ̀ rí bákan mìíràn. Ní ọdún 1911 ìjọba Bẹ́ljíọ̀mù bá Lever ṣe àdéhùn lórí ilẹ̀ ọ̀pẹ tí ó lè tó 750,000 hẹ́kítà. Ó tẹ ìlú kan dó sí etí odò Kwilu, a sì pè é ní Leverville. Ilé ìwòsàn àti ilé-ẹ̀kọ́ wà nínú àdéhùn náà. Ṣùgbọ́n tipátipá, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ ìjọba, ni a fi kó ọ̀pọ̀lọpọ̀ ènìyàn sí iṣẹ́ gígun ọ̀pẹ. Ní ọdún 1931, lẹ́yìn ikú Lever, nígbà tí owó ẹyìn wálẹ̀ tí owó orí sì ń tẹ àwọn ènìyàn mọ́lẹ̀, àwọn ará Pende dìde, àwọn ọmọ ogun sì pa ọgọ́rọ̀ọ̀rún nínú wọn.

Ọlọ́rọ̀ kan náà ni, ọṣẹ kan náà ni. Kí ni ó dé tí Port Sunlight fi di ọgbà òdòdó, tí Leverville sì di oko ẹrú? Kì í ṣe pé Lever ní ọkàn méjì. Òṣìṣẹ́ Port Sunlight ní ìwé ìdìbò, ó ní ẹgbẹ́ òṣìṣẹ́, ó sì lè sọdá odò lọ wá iṣẹ́ ní Liverpool. Ará Kóńgò kò ní ìkankan nínú wọn. Ohun tí ó ya ìlú méjèèjì sọ́tọ̀ ni agbára tí ẹni tí a ń ṣe oore fún ní láti wí pé, “Rárá o.”

A padà sí Bournville. Àwọn Cadbury kó ilé-iṣẹ́ wọn lọ síbẹ̀ ní ọdún 1879, George Cadbury sì bẹ̀rẹ̀ sí í kọ́ ilé ní ọdún 1895. Kò kọ́ ọ fún àwọn òṣìṣẹ́ tirẹ̀ nìkan. Ẹni tí kò bá a ṣiṣẹ́ pẹ̀lú lè gbé ibẹ̀. Ní ọdún 1900 ó ṣe ohun tí Pullman kò lè ṣe: ó kó ilẹ̀ 330 éékà àti ilé tí ó lé ní 300 lé ọwọ́ ìgbìmọ̀ alágbàtọ́ kan, ó sì fi í sínú ìwé pé owó tí ó bá ti ibẹ̀ wá, ìlú náà àti irú iṣẹ́ bẹ́ẹ̀ ni a ó máa ná an lé lórí. Òótọ́ ni pé òun fúnra rẹ̀ ni alága ìgbìmọ̀ náà títí ó fi kú ní ọdún 1922, ṣùgbọ́n ohun-ìní náà kò lè padà sí àpò rẹ̀ mọ́. Ní ọdún 2010, nígbà tí ilé-iṣẹ́ Kraft ti Amẹ́ríkà ra Cadbury, kò ra Bournville mọ́ ọn, nítorí pé kò sí ní ọjà. Àwọn tí ń wí pé ìlú yóò bàjẹ́ bí olóore bá yọ ọwọ́, kí wọ́n lọ wo Bournville.

Ṣùgbọ́n Cadbury pàápàá kò là já pátápátá. Ní ọdún 1901 ni wọ́n ti gbọ́ pé iṣẹ́ ẹrú wà nínú kòkó tí wọ́n ń rà láti erékùṣù São Tomé. Ọdún 1909 ni wọ́n tó jáwọ́ ńbẹ̀. Wọ́n ń wádìí, wọ́n ń bá ìjọba sọ̀rọ̀, ṣùgbọ́n wọ́n ń ra kòkó. Nígbà tí ìwé ìròyìn kan bú wọn, wọ́n pè é lẹ́jọ́, wọ́n sì jàre. Ìdá kan nínú mẹ́rin kọ́bọ̀ kan ṣoṣo ni àwọn ìgbìmọ̀ adájọ́ ní kí a san fún wọn. Ẹni tí ó wà nítòsí ni ojú olóore máa ń tètè rí.

Kí ni èyí já mọ́ fún àwa tí a ń kọ́ iṣẹ́ olùkọ́? Ohun púpọ̀ ni. Lọ́jọ́ iwájú, a ó rán wa lọ sí àwọn abúlé tí ó jẹ́ pé àwa ni a ó mọ ìwé jù níbẹ̀. A ó dá ẹgbẹ́ sílẹ̀, a ó gbẹ́ kànga, a ó tún ilé-ẹ̀kọ́ kọ́, àwọn òbí yóò sì máa dúpẹ́. Ìdánwò wa nígbà náà kò ní jẹ́ bóyá a lè ṣe oore, bí kò ṣe bóyá a lè fi í lé àwọn onílé lọ́wọ́ kí a sì dìde kúrò ní ẹ̀gbẹ́ rẹ̀. Kànga tí olùkọ́ nìkan ni kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà lọ́wọ́ rẹ̀, kànga olùkọ́ ni, bí gbogbo abúlé tilẹ̀ ń pọn omi níbẹ̀.

Bákan náà ni pẹ̀lú àwọn ọlọ́rọ̀ ilẹ̀ wa, tí ń kọ́ ilé-ẹ̀kọ́ àti ilé ìwòsàn tí wọ́n sì ń kọ orúkọ wọn gàdàgbà sí ara ògiri. Ẹ má ṣe jẹ́ kí a bú wọn. Orúkọ kò ba omi kànga jẹ́. Ṣùgbọ́n nígbà tí a bá ń kọ́ àwọn ọmọ ní ìtàn irú àwọn ènìyàn bẹ́ẹ̀, kí a má ṣe dúró sórí iye ilé tí wọ́n kọ́. Kí a béèrè pẹ̀lú wọn pé: ọwọ́ ta ni kọ́kọ́rọ́ wà lẹ́yìn tí a ṣí ilé náà tán? Àti pé: níbo ni owó náà ti wá, kí sì ni àwọn ará ibẹ̀ ń wí? Ọmọ tí ó bá mọ bí a ti ń béèrè èyí yóò lè dúpẹ́ láìwólẹ̀, yóò sì lè fúnni láìlóṣòó.