A Di Àjèjì Nílé Ìyá Wa

Ní ọjọ́ keje oṣù keje ọdún 2019, Bẹ̀nẹ̀ àti Nàìjíríà fọwọ́ síwèé ní ìlú Niamey pé kí ọjà máa lọ, kó máa bọ̀ káàkiri Áfíríkà. Nígbà tó fi máa di oṣù kẹjọ, Nàìjíríà ti ti ẹnubodè rẹ̀ pa. Ìwé ní ká wọlé, ilẹ̀kùn ní ká padà.

Wọ́n ní nítorí fàyàwọ́ ìrẹsì àti ohun ìjà ni. A kò ní fàyàwọ́ kò sí. Ṣùgbọ́n ọ̀nà kan ò wọjà. Onífàyàwọ́ tó lówó lọ́wọ́ gba ọ̀nà igbó kọjá. Ìyá tó gbé tòmátì lọ sí ẹnubodè lójú mọmọ, òun ni wọ́n dá padà, tí ọjà rẹ̀ sì jẹrà. Olóòótọ́ ni wọ́n tilẹ̀kùn mọ́ síta.

Ní oṣù kọkànlá ọdún náà, wọ́n tún pàṣẹ pé ilé-epo tí kò bá jìnnà tó kìlómítà 20 sí ààlà kò gbọdọ̀ gba epo mọ́. Ọmọ Nàìjíríà ni àwọn tó ń gbé ibẹ̀ o! Ibi tí ilé wọn wà ló sọ wọ́n di afurasí lójú ìjọba wọn.

Nígbà tí wọ́n ṣí Sẹ̀mẹ̀ ní oṣù kejìlá 2020, Ìdí-Ìrókò tó dojú kọ Igolo tiwa ṣì wà ní títì di oṣù kẹrin 2022.

Ta wá ni àjèjì? Ọdún 1889 ni Faransé àti Gẹ̀ẹ́sì jókòó pín wa. Ọ̀họ̀rí wà ní Pobè, Ọ̀họ̀rí wà ní ilẹ̀ Yewa. Nàgó Sakété ní ẹbí lọ́hùn-ún. Síbẹ̀, ẹni tó ń lọ sìnkú ìyá rẹ̀ ní láti ṣàlàyé ara rẹ̀ fún aṣọ́bodè tí kò mọ agbolé náà rí. Ohun tó ń dùn wá jù ni pé ó ti ń mọ́ wa lára.

Láti ọdún 1979 ni CÉDÉAO ti gbà pé ká lè lo 90 ọjọ́ lọ́dọ̀ ara wa láìgba físà. Ẹ̀yin ìjọba méjèèjì, ẹ jẹ́ kí káàdì ìdánimọ̀ tó fún ará ààlà láti kọjá, kódà lọ́jọ́ tí ẹ bá ti ọ̀nà mọ́ ọkọ̀ ẹrù. Ẹ sì kọ́kọ́ fi tó wa létí. Ẹni tó fẹ́ tilẹ̀kùn ilé a máa ka ọmọ ilé ná, kó má baà ti àwọn kan mọ́ta.