Ta Ni Yóò Kọ Ìtàn Bọ́ọ̀lù Wa?

Ẹ bi ọmọ Èkìtì léèrè ọdún tí Shooting Stars Ìbàdàn kọ́kọ́ gba ife Áfíríkà, kíá ni yóò ní 1976. Ẹ wá bi í nípa ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù àdúgbò tirẹ̀ ní Ìjerò, Aràmọkọ tàbí Ẹ̀fọ̀n: kẹ́kẹ́ á pa mọ́ ọn lẹ́nu.

Ní Melbourne, nílẹ̀ Ọsirélíà, wọ́n ti kọ òfin bọ́ọ̀lù tiwọn sílẹ̀ láti 1859. Àwa ń ní, "Àwọn àgbà mọ̀ ọ́n." Ó dáa o! Ṣé àgbà ń gbé ayé títí láé ni?

Ìjọba kọ́ ni yóò bá wa kọ ọ́. Ẹ gbé fóònù, ẹ lọ bá bàbá tó ti ṣe gólì rí. Ẹ gba orúkọ, ọdún àti iye ayò sílẹ̀. Bó bá parun, ẹ̀bi wa ni.