Ọpẹ́ Ọ̀tọ̀, Owó Gbà-má-bínú Ọ̀tọ̀

Ẹni tó bá ti dúró sí òpópónà Ọba Akran ní Ìkẹjà ní ìdájí á ti rí bí àwọn òṣìṣẹ́ alẹ́ ṣe máa ń tú jáde nínú àwọn ilé iṣẹ́ ńlá ibẹ̀, tí wọ́n á máa sáré lé dáńfó tó ń lọ sí Agége. Ibi eré yẹn ni ọkọ̀ ti gbá bàbá kékeré, àbúrò bàbá mi, ní oṣù mẹ́wàá sẹ́yìn. Egungun itan rẹ̀ ṣẹ́. Ó pẹ́ ní ilé ìwòsàn egungun tó wà ní Ìgbóbì, ó sì ń tiro títí di òní.

Ilé iṣẹ́ rẹ̀ ní ojú títì kì í ṣe inú ọgbà àwọn, pé àánú lásán làwọn fi fún un ní owó tí kò tó owó oṣù rẹ̀ mẹ́ta. Wọ́n ní kó fọwọ́ sí ìwé pé òun kò ní béèrè nǹkan kan mọ́. Ẹni tó gbé ìwé náà wá sílé ní kí a dúpẹ́ pé ẹ̀mí wà. Màmá àgbà gbà á lẹ́nu rẹ̀, gbogbo wa ṣe àmín, bàbá kékeré sì fọwọ́ sí i. Èmi ọmọ yunifásítì tó jókòó síbẹ̀ kò tilẹ̀ ka ìwé náà.

Mi ò bá ẹnikẹ́ni jiyàn lórí ọpẹ́. Ọlọ́run la ń dúpẹ́ lọ́wọ́ rẹ̀. Àmọ́ ìṣirò ni ọ̀rọ̀ owó, ìṣirò sì ṣe é yẹ̀ wò.

Òfin Employees' Compensation Act ti 2010 sọ ní abala 7 pé ìjàǹbá tó bá bá òṣìṣẹ́ láàárín ibi iṣẹ́ àti ilé rẹ̀ wà lára ohun tí wọ́n gbọ́dọ̀ sanwó lé. Àjọ NSITF ló ń san án, láti inú àpò tí àwọn agbanisíṣẹ́ ń dá ìdá kan nínú ọgọ́rùn-ún owó òṣìṣẹ́ wọn sí. Àánú dà níbẹ̀? Òfin kan náà ló sọ pé àdéhùn tí òṣìṣẹ́ bá bá ọ̀gá rẹ̀ ṣe láti yọ̀ǹda ẹ̀tọ́ yìí kò lẹ́sẹ̀ nílẹ̀. Ìwé tí a ṣe àmín sí nìyẹn.

Bí àjọ náà bá dárúkọ iye kan tí kò tẹ́ni lọ́rùn, èèyàn lè kọ̀wé sí ìgbìmọ̀ rẹ̀ pé kí wọ́n tún un gbé yẹ̀ wò. Lẹ́yìn ìyẹn, National Industrial Court wà, ó sì jókòó ní Ìkòyí níbí. Ṣùgbọ́n kéèyàn kàn máa sunkún pé owó kéré kò tó. Ohun méjì ni ìṣirò náà dúró lé: iye tí òṣìṣẹ́ ń gbà, àti bí dókítà ṣe wọn ìpalára rẹ̀. Ẹni tí kò lè ṣiṣẹ́ mọ́ láéláé, ìdá 90 nínú ọgọ́rùn-ún owó oṣù rẹ̀ ni òfin pè. Ta ló wá ń kọ iye owó oṣù náà sílẹ̀? Ilé iṣẹ́ ni. Bí wọ́n bá kọ ọ́ kéré, owó gbà-má-bínú á kéré. Ibẹ̀ ló yẹ kí a kọ́kọ́ wò.

Ilé ẹjọ́ náà kò yàtọ̀. Ẹni tó bá pe awakọ̀ lẹ́jọ́ ní ilé ẹjọ́ gíga ní oṣù mẹ́ta láti pe ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn lẹ́yìn ìdájọ́. Ìlànà tí wọ́n tẹ̀ lé ní 1951, nínú ẹjọ́ ìbanilórúkọjẹ́ láàárín Zik's Press àti Alvan Ikoku, ṣì wà: adájọ́ òkè kì í yí iye padà torí pé òun ìbá fúnni jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àfi bí ti ìsàlẹ̀ bá gba ọ̀nà òdì ṣe ìṣirò, tàbí bí iye náà bá kéré tàbí pọ̀ kọjá ààlà.

Wọ́n á ní ó ń pẹ́, wọ́n á ní owó lọ́yà ńkọ́. Ó ń pẹ́ lóòótọ́. Ní ti lọ́yà, Office of the Public Defender ti ìjọba Èkó ń ṣojú fún ẹni tí kò lówó lọ́wọ́ láìgba kọ́bọ̀. Ohun tó ń bà mí lẹ́rù jù ni àwọn tó ń ṣiṣẹ́ lábẹ́ kọ́ńtíráátọ̀, tí orúkọ wọn kò sí nínú ìwé ilé iṣẹ́ kankan.

Ọdún kan ni òfin fún òṣìṣẹ́ láti béèrè, oṣù méjì ló sì kù fún bàbá kékeré. Lópin ọ̀sẹ̀ tó kọjá, a tú báàgì Ghana-must-go tó wà lábẹ́ bẹ́ẹ̀dì rẹ̀. A rí fọ́tò X-ray, rìsíìtì oògùn, káàdì ilé iṣẹ́, àti ìwé owó oṣù mẹ́rin. Lọ́jọ́ Ajé, èmi ni mo máa bá a lọ. Màmá àgbà ní kí n má lọ bá wọn jà. Mo ní, "Màmá, ìwé la fẹ́ lọ fi sílẹ̀."