Ajẹ́lẹ̀ Kì í Fi Irin Bo Ojú

Nígbà tí sinimá kan tí àwọn ará Amẹ́ríkà ṣe, The Woman King, jáde ní ọdún 2022, ariwo sọ láàárín àwa ọmọ Yorùbá. Ìtàn àwọn obìnrin ajagun Dàhòmì ni sinimá náà, ṣùgbọ́n àwa ni wọ́n fi ṣe ọ̀tá. Ọ̀yọ́ ni ìjọba ìkà inú rẹ̀. Ọ̀yọ́ ló ń gba ìṣákọ́lẹ̀, Ọ̀yọ́ ló ń kó ọmọ ọlọ́mọ lọ tà fún òyìnbó, ọ̀gágun Ọ̀yọ́ sì burú débi pé ọmọ kékeré á ti mọ̀ ọ́n ní ìkà kí ó tó la ẹnu. Inú bí ọ̀pọ̀ ènìyàn. Mo gbọ́ ọ nínú ọkọ̀, mo gbọ́ ọ ní ṣọ́ọ̀bù onígbàjámọ̀, mo gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn oníwèé-ìròyìn ẹgbẹ́ mi: wọ́n ní wọ́n bà wá lórúkọ jẹ́.

Inú bí èmi náà, ṣùgbọ́n kì í ṣe torí pé wọ́n fi ọmọ Yorùbá ṣe ìkà. Ọmọ Èkìtì ni mí, láti apá gúúsù, níbi tí Ìkẹ́rẹ́, Ìsẹ̀ àti Ẹmùré wà. Ẹni tí ó bá ti ibẹ̀ wá mọ̀ pé ọmọ Yorùbá lè ni ọmọ Yorùbá lára. Ohun tí ó bí mi nínú ni pé ìkà tí wọ́n kọ yẹn rọrùn jù. Òótọ́ ni pé Dàhòmì san ìṣákọ́lẹ̀ fún Ọ̀yọ́ fún ọ̀pọ̀ ọdún, títí Ọba Ghezo fi kọ̀ ọ́ ní nǹkan bí ọdún 1823. Ṣùgbọ́n Dàhòmì tí ó ń sunkún lábẹ́ Ọ̀yọ́ yìí kan náà ni ó gbógun ti Abẹ́òkúta ní ọdún 1851 àti ọdún 1864, àwọn obìnrin ajagun náà sì wà níwájú ogun. Òwò ẹrú sì wà lára ohun tí ó gbé ìjọba Ghezo ró. Ẹni tí wọ́n ń jẹ lónìí lè máa jẹ ẹlòmíràn lọ́la. Ibẹ̀ ni ìtàn náà ti le, ibẹ̀ náà ni sinimá ti fọwọ́ kàn án fẹ́rẹ́, tí ó sì yára kọjá.

Àṣà yìí ti pẹ́ lọ́wọ́ àwọn tí ń kọ ìtàn àròsọ tó jẹ mọ́ ayé mìíràn. Gbogbo wa la mọ Star Wars, tí ó jáde ní ọdún 1977. Ìjọba ńlá kan ń jẹ gaba lórí gbogbo ìràwọ̀. Ìránṣẹ́ rẹ̀ jẹ́ ọkùnrin tí ó wọ aṣọ dúdú, tí ó fi irin bo ojú, tí ó ń mí bí ẹwìrì alágbẹ̀dẹ. Ìjọba náà kọ́ ilé-ogun kan tí ó tóbi bí òṣùpá. Ọmọkùnrin kan yin nǹkan sí ihò kan lára rẹ̀, gbogbo rẹ̀ bú gbàù. Nínú ìwé Tolkien, The Lord of the Rings, tí ó jáde láàárín ọdún 1954 sí 1955, òrùka kan ni ó já bọ́ sínú iná, ni ilé agbára ọ̀tá bá wó lulẹ̀. Ìtàn dùn, a pàtẹ́wọ́, a lọ sílé.

Ẹ gbọ́ ná. George Lucas tí ó ṣe Star Wars ti fi ẹnu ara rẹ̀ sọ ọ́ pé ogun tí Amẹ́ríkà jà ní Vietnam wà lára ohun tí òun ń rò nígbà tí òun ń kọ Ìjọba yẹn. Ṣùgbọ́n mélòó nínú àwọn ará Amẹ́ríkà tí ó wo sinimá náà ni ó sọ pé, "Háà, àwa mà ni wọ́n ń bá wí"? Ọlọ̀tẹ̀ ni kálukú fi ara rẹ̀ ṣe. Ìdí nìyí tí mo fi ní ìtàn ìjọba ìkà wọ̀nyí ń tàn wá jẹ. Irọ́ mẹ́ta ni wọ́n ń pa fún wa, mo sì fẹ́ fi ìtàn ilẹ̀ wa já a.

Irọ́ kìíní ni pé ìjọba ìkà ní ojú tí a lè dá mọ̀. Ó dé, ilẹ̀ mì, orin ogun dún, gbogbo ènìyàn mọ̀ pé ewu ti dé. Bẹ́ẹ̀ kọ́ ni agbára ń wọlé. Ìtàn tí wọ́n ń sọ ní Ìkẹ́rẹ́ ni pé Olúkẹ́rẹ́ ti wà níbẹ̀ kí ọdẹ erin kan tó ti ọ̀nà Ìbíní dé. Ọdẹ ni ìtàn pè é, kò pè é ní ọ̀gágun. Nígbà tí ó yá, ìdílé ọdẹ yìí ni ti Ògògà tí ó ń jọba, orò òkè Olósùnta sì wà lọ́wọ́ Olúkẹ́rẹ́. Mi ò sọ èyí láti dá ẹjọ́ adé o. Ẹjọ́ yẹn ní àwọn tí í dá a. Mo sọ ọ́ kí ẹ lè rí ọ̀nà tí agbára gbà wọlé: àlejò ni ó kọ́kọ́ jẹ́. Àwọn ọmọ ogun Ìbíní pàápàá dé lẹ́yìn náà; ní ìbẹ̀rẹ̀ ọ̀rúndún 19 ni wọ́n ṣẹ́gun Àkúrẹ́, tí kò jìnnà sí Ìkẹ́rẹ́ rárá. Ṣùgbọ́n kí ogun tó dé ni ọ̀nà ti là.

Irọ́ kejì ni pé àjèjì ni ìkà, ará ibòmíràn tí èdè rẹ̀ kò yé wa. Bí ikú ilé ò pani, tòde ò lè pani. Ìbàdàn ni ó lé àwọn ẹlẹ́ṣin Ìlọrin padà ní Òṣogbo ní nǹkan bí ọdún 1840. Gbogbo wa la jẹ Ìbàdàn ní ọpẹ́ yẹn. Ìbàdàn yìí kan náà ni ó kó àwọn ìlú Ìjẹ̀ṣà àti Èkìtì sábẹ́, tí ó sì fi ajẹ́lẹ̀ sí wọn lórí. Ta ni ajẹ́lẹ̀? Ọmọ Yorùbá ni. Ó mọ oríkì, ó mọ bí a ti í kí ọba, ó ń dọ̀bálẹ̀ fún àgbà bí ó bá wù ú. Àwọn ọmọ ẹ̀yìn rẹ̀ á wọ agboolé, wọ́n á mú ewúrẹ́ tí wọ́n fẹ́, wọ́n á kó irè oko, wọ́n á fọwọ́ kan ìyàwó oníyàwó, kò sì sí ẹni tí a ó fẹjọ́ sùn, nítorí ẹni tí à bá fẹjọ́ sùn ni ó rán an wá. Ajẹ́lẹ̀ kò fi irin bo ojú. Ẹ̀rín ló ń rín sí ọ.

Ní ọdún 1878, Fábùnmi pa ajẹ́lẹ̀ ní Òkè-Ìmẹ̀sí. Ní ti sinimá, ibẹ̀ ni ó yẹ kí orin dún kí iná tàn. Ṣùgbọ́n ibẹ̀ ni wàhálà ti bẹ̀rẹ̀. Èkìtì àti Ìjẹ̀ṣà para pọ̀, ogun Kírìjì dé, ọdún gbẹ́sẹ̀ lé ọdún. Ẹ sì má gbàgbé pé Ògèdèǹgbé tí ó ṣe olórí ogun Èkìtìpárapọ̀, akọni tí à ń kọrin rẹ̀ títí dòní, òun náà ti kó ẹrú ní ilẹ̀ Àkókó kí ó tó di olùgbàlà wa. Bí a bá fẹ́ sọ òtítọ́, ẹ jẹ́ kí a sọ ọ́ tán.

Irọ́ kẹta ni ó burú jù: pé bí olórí ìkà bá ti kú, ó parí. Látòósà, Aàrẹ Ọ̀nà Kakaǹfò Ìbàdàn, kú ní ibùdó ogun ní ọdún 1885. Ṣé ogun parí? Rárá o. Wọ́n ṣì ń yìnbọn. Ọjọ́ 23 oṣù kẹsàn-án ọdún 1886 ni wọ́n tó fọwọ́ sí ìwé àlàáfíà, ọdún 1893 ni àwọn ibùdó ogun sì tó tú ká. Ta ni ó bá wa parí ìjà? Gómìnà Gẹ̀ẹ́sì ní Èkó. Onílàjà ni ó bá dé, ó jókòó, kò sì dìde títí di ọdún 1960. A bọ́ lọ́wọ́ ajẹ́lẹ̀ kan, a ní ajẹ́lẹ̀ mìíràn, eléyìí tilẹ̀ ní fìlà funfun.

Bí ẹ bá fẹ́ rí ẹni tí ó ya àwòrán ìjọba ńlá bí ó ti rí, ẹ fi Hollywood sílẹ̀, ẹ wá sí Ìsẹ̀. Ọlọ́wẹ̀, gbẹ́nàgbẹ́nà tí wọ́n bí ní Ẹ̀fọ̀n-Aláàyè ṣùgbọ́n tí ó gbé ní Ìsẹ̀ lábẹ́ Arínjalẹ̀, ni ó gbẹ́ ilẹ̀kùn ààfin Ògògà ti Ìkẹ́rẹ́ láàárín ọdún 1910 sí 1914. Lára ilẹ̀kùn náà, ó gbẹ́ bí òyìnbó kan, Captain Ambrose, ti wá kí Ògògà. Ọba jókòó lórí ìtẹ́ pẹ̀lú adé, olorì dúró lẹ́yìn rẹ̀. Òyìnbó wà nínú àga tí wọ́n ń gbé rù, kò fi ẹsẹ̀ ara rẹ̀ rìn. Ọlọ́wẹ̀ kò fi ìwo sí i lórí, kò fi eyín gígùn sí i lẹ́nu. Ohun tí ó ṣe ju ìyẹn lọ: ó gbẹ́ àwọn tí ó rù ú. Ọmọ wa ni wọ́n. Ẹ wo ibẹ̀ dáadáa, torí nínú gbogbo sinimá ìjọba ìkà tí mo ti wò, mi ò tíì rí èyí tí ó fi ara balẹ̀ bi wá léèrè pé ta ni ó ń ru ọ̀gá.

Kí ni òpin ilẹ̀kùn náà? Ní ọdún 1924 wọ́n gbé e lọ sí àfihàn ńlá tí wọ́n fi ń yin ìjọba Gẹ̀ẹ́sì ní Wembley, ní Lọ́ńdọ̀nù. Ilé ohun ìṣẹ̀ǹbáyé wọn, British Museum, fẹ́ ẹ, wọ́n sì fi àga ọba tí wọ́n ṣe ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe pàṣípààrọ̀ rẹ̀. Ilẹ̀kùn lọ, àga dé. Kò sí ìbọn, kò sí iná, kò sí ẹni tí ó sunkún. Ilẹ̀kùn wà lọ́hùn-ún títí dòní. Ẹ sọ fún mi, èwo nínú àwọn sinimá aláriwo ni ó lè fi bí ìjọba ńlá ti ń ṣiṣẹ́ hàn wá tó bẹ́ẹ̀?

Mo mọ ohun tí àwọn kan á sọ. Wọ́n á ní, "Bàbá, ìtàn lásán ni, a fẹ́ fi gbàgbé wàhálà NEPA àti owó oúnjẹ ni." Mi ò bá yín jà. Èmi náà fẹ́ràn rẹ̀. Ṣùgbọ́n kí ẹnikẹ́ni má sọ pé ìtàn àròsọ kò lè gbé òtítọ́. Ní ọdún 1898, ọdún kan péré lẹ́yìn tí ọmọ ogun Gẹ̀ẹ́sì kó Ìbíní, ọmọ Gẹ̀ẹ́sì kan, H. G. Wells, kọ ìwé The War of the Worlds. Àwọn ẹ̀dá láti inú ìràwọ̀ Mars wá ṣe ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì bí Gẹ̀ẹ́sì ti ń ṣe ilẹ̀ onílẹ̀, òǹkọ̀wé náà sì rán àwọn ará ilé rẹ̀ létí ohun tí wọ́n ti ṣe fún àwọn ará Tasmania. Ẹ̀yin ará, ìwé nìyẹn. Ó yí dígí sí ojú àwọn tí ó ni ìjọba náà.

Àwa náà kò yàgàn ìtàn. Ní ọdún 1938, ọdún tí Ọlọ́wẹ̀ kú, ni Fágúnwà gbé Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmalẹ̀ jáde. Iwin, ẹbọra, igbó dúdú, a ní gbogbo rẹ̀ lọ́pọ̀. Ajẹ́lẹ̀ ni a kò tíì kọ tó. Ẹ̀yin ọ̀dọ́ tí ẹ ń ṣe sinimá, tí ẹ ń kọ ìwé nípa ayé tí ń bọ̀, ẹ má ṣe fún wa ní ọ̀gá dúdú onírin mìíràn. Ẹ kọ́ ìlú kan sórí òṣùpá bí ó bá wù yín, ṣùgbọ́n kí ajẹ́lẹ̀ ibẹ̀ máa sọ èdè Ìkẹ́rẹ́, kí ó máa wá sí ìsọmọlórúkọ, kí ó mọ oríkì ìyá onílé. Ẹ fi àwọn tí ó ń rù ú hàn wá, àti ohun tí wọ́n ń gbà. Ẹ má sì parí ìtàn ní ọjọ́ tí a pa á. Ẹ sọ fún wa nípa onílàjà tí ó dé ní ọjọ́ kejì.

Kì í ṣe eré ni mo ń ṣe. Mo rí àwọn ọmọ wa tí wọ́n ń pariwo fún ọlọ̀tẹ̀ nínú sinimá, tí wọ́n mọ orúkọ gbogbo ọkọ̀ òfuurufú Star Wars, síbẹ̀ tí wọn kò dá ajẹ́lẹ̀ mọ̀ bí ó bá dúró níwájú wọn, tí ó ń pín ìrẹsì ní àsìkò ìbò, tí ó ń yan ẹni tí yóò jọba lé wọn lórí láti ìlú ibòmíràn. Irin lójú ni wọ́n ń wá. Kòkòrò tí ń jẹ ẹ̀fọ́, ara ẹ̀fọ́ ló wà. Ọmọ tí a kò bá fi èyí hàn nínú ìtàn, èjìká rẹ̀ ni wọn yóò fi ru ọ̀gá, yóò sì rò pé ọlọ̀tẹ̀ ni òun.