Ta ló ṣe rọ́kẹ́ẹ̀tì?

Ẹ̀yin ará, ẹ ti mọ̀wé kà. Ẹ má gba gbogbo ohun tí ìwé bá wí! Ìwé ń yin Wernher von Braun, ará Jámánì, pé òun ló ṣe V-2. Ohun ìjà ni. Òun ló kọ́kọ́ kọjá afẹ́fẹ́ ayé: ní 1944, ó ga dé kìlómítà 176.

Òun nìkan ló ṣe é bí? Rárá o! Àwọn ẹlẹ́wọ̀n ibùdó Dora ló ń ṣe é nínú ihò abẹ́ òkè. Ebi, ẹgba, àìsàn! Nínú nǹkan bí 60,000 ènìyàn, bí 20,000 ló kú. Wọ́n pọ̀ ju àwọn tí V-2 pa ní Lọ́ńdọ̀nù àti Antwerp lọ.

Von Braun wọ ihò náà, ó rí wọn. Amẹ́ríkà gbé e lọ ní 1945, wọ́n sọ ọ́ di olókìkí. Àwọn ẹlẹ́wọ̀n ńkọ́? Ìwé wo ló dárúkọ wọn?