Kí Ni Ọkọ̀ Ojú Irin Ń Gbé Wá sí Ọjà?

Ọmọ Nàìjíríà tó bá dé Libreville, olú-ìlú Gàbọ́n, kò ní pẹ́ mọ Mont-Bouët, ọjà tó tóbi jù lọ níbẹ̀. Orílẹ̀-èdè náà ní ojú irin tó ju 600 kìlómítà lọ, láti Owendo lẹ́bàá Libreville dé Franceville. Ọdún 1974 ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ rẹ̀, wọ́n sì parí rẹ̀ ní 1986. Síbẹ̀, púpọ̀ nínú ọ̀gẹ̀dẹ̀ tí ará Libreville ń jẹ, títì ló ń gbà wá láti Kamẹrúùnù.

Iṣẹ́ tí a rán ọkọ̀ ló ń jẹ́. Mángánísì láti Moanda àti igi gẹdú ni olórí ẹrù ojú irin yìí. N kò sọ pé kó má ru wọ́n. Owó ẹrù bẹ́ẹ̀ ló ń gbé ojú irin ró. Ṣùgbọ́n bí kò bá sí ọ̀nà láti oko dé ibùdókọ̀, ọkọ̀ yóò kàn máa kọjá lójú àgbẹ̀ ni.

Àwa náà ńkọ́? Láti 2021 ni ọkọ̀ ti ń ná ojú irin tuntun Èkó sí Ìbàdàn, 157 kìlómítà. Ó dára. Àmọ́ ọkọ̀ akẹ́rù ló ṣì ń kó tòmátì Òkè Ọya wá sí Mile 12, tí apá kan rẹ̀ ń jẹrà lọ́nà.

Kí ìjọba tó tún yá owó fún ojú irin mìíràn, kó kọ́kọ́ sọ fún wa: ẹrù wo, láti oko wo, sí ọjà wo? Àwa la óò san gbèsè náà.